Kòmọ̀tán Ń Họra

Ní àdúgbò Òkè-Ọjà ní Ọ̀rìn-Èkìtì, kò sí ẹni tó nílò aago láti mọ̀ pé ilẹ̀ ti mọ́. Tí ó bá ti di aago mẹ́fà, Tinúọlá onígàrí á ṣí ilẹ̀kùn ẹ̀yìnkùlé rẹ̀, á dúró lẹ́nu ọ̀nà ilé ìdáná, á sì fi ohùn tí Ọlọ́run fún un láti máa fi kọrin ní ṣọ́ọ̀ṣì ké pe ajá rẹ̀ pé, "Kòmọ̀tán! Kòmọ̀tán o, wá jẹun!" Kí ohùn yẹn tó balẹ̀, ohùn ọkùnrin kan á ti fò wá láti òdìkejì ọgbà: "Òótọ́korò! Òótọ́korò, wá mu mílíìkì rẹ!" Ajá á jẹun, ológbò á mu mílíìkì, àwọn aládùúgbò á máa rẹ́rìn-ín lábẹ́ aṣọ ìbora.

Ẹni tó bá dàgbà láàárín wa kò ní í béèrè ìdí. Yorùbá kì í sọ ajá lórúkọ lásán. Ọ̀rọ̀ tí o kò bá lè sọ lójú aládùúgbò rẹ, ajá ni wàá fi sọ lórúkọ, wàá wá máa pè é bó ṣe wù ọ́, kò sì sí ẹni tó máa pè ọ́ lẹ́jọ́. Ta ló fẹ́ lọ bá ọba pé wọ́n ń pe ajá, ara sì ta òun?

Ìkórè ọdún 2000 ló dá ọ̀rọ̀ yìí sílẹ̀. Lẹ́yìn ìsìn, wọ́n ń ta ẹrù ìkórè lábẹ́ igi máńgòrò ṣọ́ọ̀ṣì. Ọ̀gbẹ́ni Samson Morákinyọ̀, bàbá Ìfẹ́olúwa, ra abọ́ gàrí Tinúọlá kan, ó bomi tútù sí i lójú ẹsẹ̀, ó da ẹ̀pà lé e, ó bu ṣíbí kan sẹ́nu. Nǹkan kan ró lẹ́nu rẹ̀ pé kẹ́rẹ́. Ọkùnrin yìí ti fi ọgbọ̀n ọdún ṣiṣẹ́ ní ọ́fíìsì ẹran ọ̀sìn ní Adó kó tó fẹ̀yìn tì. Gbogbo ìlú ló ń pè é ní Dókítà Ẹran, kò sì sí ohun tí èèyàn máa sọ níwájú rẹ̀ tí kò ní í sọ pé òun ti mọ̀ ọ́n tẹ́lẹ̀. Ó yọ nǹkan náà lẹ́nu, ó gbé e sókè sójú oòrùn, ó yẹ̀ ẹ́ wò tinú tẹ̀yìn, ó ní, "Yanrìn ni." Kò pariwo rárá. Àmọ́ ìjọ ti dákẹ́ láti wo ohun tó ń wò, gbogbo wọn ló sì gbọ́.

Ká má tan ara wa jẹ, yanrìn wà nínú gàrí yẹn. Ògiri ilé kékeré tí Tinúọlá ti ń yan gàrí ló ya lulẹ̀ lọ́sẹ̀ ìkórè gan-an. Ṣùgbọ́n ṣé ibi tí èèyàn ti ń sọ irú ìyẹn ni ọgbà ṣọ́ọ̀ṣì? Kí oṣù náà tó parí, Tinúọlá ti lọ gba ọmọ ajá kan ní Ìlúpéjú, ó sọ ọ́ ní Kòmọ̀tán. Lọ́sẹ̀ kejì, Dókítà Ẹran gbé ọmọ ológbò kan wálé, ó sọ ọ́ ní Òótọ́korò. Láti ìgbà náà, àwọn méjèèjì kò kí ara wọn mọ́, àfi kí wọ́n gba ẹnu ẹran sọ̀rọ̀.

Ìjà ló gbé ajá yìí wọlé, ṣùgbọ́n Tinúọlá kò mọ ìgbà tí ìfẹ́ tẹ̀ lé e. Ọkọ rẹ̀ ti kú láti ọdún mẹ́fà sẹ́yìn, Ayọ̀kúnlé, ọmọ kan ṣoṣo tó bí, ń gbé Èkó. Kòmọ̀tán ló ń bá a dé oko ẹ̀gẹ́, òun ló ń jókòó tì í tó bá ń bẹ ẹ̀gẹ́, òun náà ló sì ń gbọ́ gbogbo ẹjọ́ tí kò ríbi rò. Ó fẹ́ràn ajá náà ju bó ṣe yẹ kí àgbàlagbà jẹ́wọ́ lọ. Ìdí nìyí tí àyà rẹ̀ fi já nígbà tí Kòmọ̀tán bẹ̀rẹ̀ sí í họra ní oṣù kọkànlá ọdún 2002.

Ó ń họra láàárọ̀, ó ń họra lọ́sàn-án. Ó ń fi ẹsẹ̀ ẹ̀yìn họ etí, ó ń fi eyín họ ìdí ìrù. Tó bá sú u, á jókòó, á máa wọ́ ìdí nílẹ̀ káàkiri àgbàlá. Irun ìdí ìrù rẹ̀ re tán, awọ ibẹ̀ pọ́n. Nínú ọ̀sẹ̀ yẹn gan-an ni awakọ̀ kan mú lẹ́tà Ayọ̀kúnlé dé láti Èkó.

Lẹ́tà náà bẹ̀rẹ̀ dáadáa. Ayọ̀kúnlé, Joy ìyàwó rẹ̀, àti Jùwọ́nlọ ọmọ wọn tuntun ń bọ̀ wá ṣe Kérésì. Oṣù kẹjọ ni wọ́n bí ọmọ náà, ìyá Joy ló lọ wẹ̀ ẹ́, Tinúọlá kò tíì fojú kàn án rí, àwòrán rẹ̀ nìkan ló wà nínú Bíbélì rẹ̀. Ìparí lẹ́tà ló burú. Ẹnìkan ti ròyìn dé Èkó pé ajá Màmá ní kúrúnà, Joy sì ti sọ pé awọ ọmọ òun ṣì rọ̀, òun kò ní í gbé e wọ àgbàlá tí ajá ti ń họra. Ayọ̀kúnlé kọ ọ́ gbangba: "Màmá, ẹ má bínú. Tí ajá yẹn bá ṣì ń họra lọ́jọ́ tí a bá dé, n óò fà á lé ọdẹ Ayébọ̀dé lọ́wọ́."

Ta ni kò mọ ọdẹ Ayébọ̀dé? Láàárín ọdún méjì, ó ti gba ajá mẹ́sàn-án lọ́wọ́ àwọn èèyàn pé òun fẹ́ máa fi wọ́n dẹ ìgbẹ́, ajá kan ṣoṣo ló sì wà nílé rẹ̀. Ìkòkò ọbẹ̀ rẹ̀ tóbi.

Àbẹ̀kẹ́, tí òun àti Tinúọlá jọ ń yan gàrí, ló kọ́kọ́ mú ìmọ̀ràn wá. Obìnrin yìí kì í ní ìṣòro tirẹ̀, tẹlòmíì ló máa ń gbọ́. Ó ní oògùn kúrúnà ajá kò ju ọ́ìlì lọ, ọ́ìlì dúdú tí mẹkáníìkì ń tú dànù lábẹ́ ọkọ̀. Ó ní bàbá òun fi pa ajá rẹ̀ lára nígbà kan, ajá náà kò sì họra mọ́. Tinúọlá bi í pé kí ló wá ṣẹlẹ̀ sí ajá ọ̀hún. Àbẹ̀kẹ́ ronú díẹ̀.

"Ó kú," ni ó wí. "Ṣùgbọ́n kò họra títí ó fi kú."

Ká ní ara Tinúọlá balẹ̀ ni, ìdáhùn yìí ìbá tó o. Ṣùgbọ́n Kérésì ń bọ̀, ìkòkò ọdẹ kò sì kúrò lọ́kàn rẹ̀. Ó lọ gba ààbọ̀ gálọ́ọ̀nù ọ́ìlì lọ́dọ̀ mẹkáníìkì tó wà lọ́nà Ìdó, ó ki àkísà bọ̀ ọ́, ó fi pa Kòmọ̀tán láti imú dé ìrù. Ajá tó pupa tẹ́lẹ̀ dúdú bí ìdí ìkòkò. Lọ́jọ́ yẹn, kò họra, ẹnu ló yà á jù. Inú Tinúọlá dùn, ó tún fún un ní orí ẹja kan.

Nígbà tó di ọjọ́ kejì, ajá rántí pé òun ní ahọ́n. Ó lá ẹ̀gbẹ́ ọ̀tún, ó lá ẹ̀gbẹ́ òsì. Ibi tí ahọ́n kò dé, ó fi ha nǹkan: ó ha ilẹ̀kùn, ó ha àpò gàrí, ó ha ìró Àbẹ̀kẹ́, Àbẹ̀kẹ́ sì bú u títí kan ìran ajá tó bí i. Ibi tó wá burú sí ni ti ọgbà Dókítà Ẹran. Ọkùnrin náà ṣẹ̀ṣẹ̀ kun ọgbà rẹ̀ ní ẹfun funfun de ọdún ni. Kòmọ̀tán bẹ̀rẹ̀ láti ẹnu géètì, ó fara ha á lọ wọ́ọ́rọ́wọ́ títí dé ìdí ọsàn, ó sì fa ìlà dúdú kan tó tọ́ ju èyí tí káfíńtà ń fà lọ. Dókítà Ẹran jáde, ó wo ìlà náà, ó bẹ̀rẹ̀, ó fi ìka kàn án, ó gbóòórùn ìka, ó sì padà wọlé láìsọ nǹkan kan. Tinúọlá ń yọjú wò ó láti ojú fèrèsé. Ì bá wù ú kó bú òun.

Lọ́jọ́ kẹta, Kòmọ̀tán bì. Kò jẹ orí ẹja, inú ikùn rẹ̀ pọ́n bí ẹni tí omi gbígbóná jó, ó sì ṣì ń họra. Ẹ̀rù wá ba Tinúọlá gidigidi. Ó dá ọlọ́kadà dúró kó lè gbé e lọ sọ́dọ̀ àwọn oníṣègùn ẹran ní Adó, ọlọ́kadà wo ajá, ó wo ṣẹ́ẹ̀tì ara rẹ̀, ó yíná sí máṣíìnì. Awakọ̀ bọ́ọ̀sì náà sọ pé òun kì í gbé ọ́ìlì. Kò kù ju ẹnìkan ṣoṣo lọ ní gbogbo Ọ̀rìn.

Láti ẹnu ọ̀nà Tinúọlá sí ti Dókítà Ẹran kò ju ogún ìṣísẹ̀ lọ, ọdún méjì ló sì ti wà nílẹ̀ láìrìn. Tinúọlá tún gèlè rẹ̀ wé lẹ́ẹ̀mejì, ó so okùn mọ́ ajá lọ́rùn, ó sọdá ní ọ̀sán gangan. Dókítà Ẹran wà níwájú ilé, ó ń ka ìwé ìròyìn oṣù tó kọjá. Ó kí i dáadáa, bí ẹni pé àná ni wọ́n ríra kẹ́yìn. Lẹ́yìn náà ló fa páálí káàdì kan jáde lábẹ́ tábìlì, irú èyí tó fi ń ṣiṣẹ́ ní Adó, ó sì bọ́ ìdérí bírò. Ó béèrè orúkọ ẹni tó ni ajá, èyí tó mọ̀. Ó béèrè iye ọdún ajá, ìyẹn náà kò ṣàjèjì sí i.

"Orúkọ ajá?"

Tinúọlá wo òkè. Ó wo ọsàn. Gbogbo ọgbọ́n tó ní kò ju ọ̀kan lọ.

"Bíńgò," ni ó wí.

Kòmọ̀tán gbójú sókè wò ó, àfi bíi pé àkùkọ ṣẹ̀ṣẹ̀ kọ lágbàlá olórí àlùfáà. Dókítà Ẹran kò rẹ́rìn-ín. Ó kọ ọ́ síbẹ̀ díẹ̀díẹ̀ pẹ̀lú ìwé kíkọ rẹ̀ tó dára: Bíńgò.

Ìgbà tó fọwọ́ kan ara ajá tán ni inú wá bí i. "Ìyá Ayọ̀, májèlé lẹ fi pa á yìí. Ohunkóhun tí ẹ bá fi kun ajá lára, inú rẹ̀ ni ẹ ń rọ ọ́ sí, nítorí ahọ́n ló fi ń wẹ̀." Ó ní ọ́ìlì náà ń bó awọ, kò sì pa kòkòrò kankan. Ó ní kí wọ́n tètè wẹ̀ ẹ́ kúrò kó tó lá ìyókù, wọn kò sì gbọ́dọ̀ fi kẹrosíìnì kàn án: omi lílọ́ wọ́ọ́rọ́ àti ọṣẹ olómi tí wọ́n fi ń fọ abọ́ ti tó. Ó ká ẹsẹ̀ ṣòkòtò sókè, ó gbé agbada omi síwájú ilé, àwọn méjèèjì sì kúnlẹ̀ ti ajá.

Ọjọ́ ọjà ni. Ọṣẹ hó, ó bo ajá, ó bo ìgbọ̀nwọ́ Dókítà Ẹran. Nígbà tí wọ́n bu omi lé e lórí, ó dà bíi pé ajá rò pé ọdẹ Ayébọ̀dé ti bẹ̀rẹ̀ sí í sè é. Ó yọ̀ lọ́wọ́ wọn, ó fò dìde, ó sì gba àárín ọjà lọ. Ó fò kọjá lórí òkìtì iṣu, ó gba abẹ́ tábìlì oníata, ọṣẹ ń ta sí àwọn èèyàn lára, obìnrin kan sì kígbe pé ewúrẹ́ funfun kan ti ya wèrè. Tinúọlá ń sáré tẹ̀ lé e, ó ń pè é ní Bíńgò. Kòmọ̀tán kò bojú wẹ̀yìn, kò mọ ẹnikẹ́ni tó ń jẹ́ Bíńgò. Ó dojú kọ títì Ìdó. Láti ibi kọ́nà, lọ́rì tó kó kòkó yọ, ó ń bọ̀ kíkankíkan.

Tinúọlá rí lọ́rì, ó rí ajá. Ó la ẹnu láti pe orúkọ gidi náà, ojú gbogbo ọjà sì wà lára rẹ̀. Ohun tó tún jáde ni Bíńgò. Irọ́ tí èèyàn bá ti pa lẹ́ẹ̀kan máa ń mọ ọ̀nà jáde fúnra rẹ̀.

Ẹ̀yìn rẹ̀ ni ohùn náà ti dún. "Kòmọ̀tán! Kòmọ̀tán o, wá jẹun!"

Dókítà Ẹran ni, ẹni ọdún mẹ́tàdínláàádọ́rin, pẹ̀lú ṣòkòtò kíká àti ọṣẹ lọ́wọ́. Ohùn orin Tinúọlá gan-an ló fi pè é, níbi tó ń gbé e sókè àti níbi tó ń fà á, ó ṣáà ti ń gbọ́ ọ láràárọ̀ fún ọdún méjì. Ajá dúró gan-an. Ó yí padà, ó sáré bọ̀, ó sì jókòó síwájú ọkùnrin náà, ó ń retí oúnjẹ. Lọ́rì fọn fèrè kọjá. Ẹ̀rín bú jáde lójijì ní gbogbo ọjà, obìnrin tó ń ta iṣu sì bi Dókítà Ẹran pé ṣé òótọ́ ni pé kò mọ̀ tán. Ọkùnrin náà gbá ajá mú lọ́rùn, ó yíjú sí Tinúọlá tí omijé wà lójú rẹ̀.

"Ẹ jẹ́ ká lọ," ni ó wí. "Mo máa tún káàdì yẹn kọ."

Wọ́n wẹ ọ́ìlì náà tán. Dókítà Ẹran fi awọ ajá sílẹ̀ fún ọjọ́ mẹ́ta kó sinmi, lẹ́yìn náà ó bu páúdà kan sí i lára nítorí iná ajá, kòkòrò kéékèèké tó ń fò nínú irun rẹ̀. Kòmọ̀tán padà jẹ orí ẹja. Tinúọlá sùn dáadáa fún ìgbà àkọ́kọ́ látìgbà tí lẹ́tà ti dé. Ọjọ́ márùn-ún ló fi sùn bẹ́ẹ̀. Nígbà tó di ọjọ́ kẹfà, ó jí, ó ṣí ilẹ̀kùn, ajá tún wà níbẹ̀ tó ń họra.

Inú bí i. Ó rò ó pé ọkùnrin yìí mọ̀ọ́mọ̀ fún òun ní páúdà tí kò níṣẹ́ kí ọdẹ lè gbé ajá tó ń bú u lọ. Ó gba ẹ̀yìnkùlé wọlé tọ̀ ọ́ láìkan ilẹ̀kùn. Dókítà Ẹran fò sókè lórí àga, ó sì yára fi ìwé ìròyìn bo itan rẹ̀. Àwọn méjèèjì wo ara wọn. Ìwé ìròyìn bẹ̀rẹ̀ sí í họra.

Tinúọlá ṣí i kúrò. Òótọ́korò ló wà níbẹ̀, ìdí ìrù rẹ̀ pá bí ìdí ìrù Kòmọ̀tán, ìyarun tó ní eyín wẹ́wẹ́ sì wà lọ́wọ́ olówó rẹ̀. Ojú ti ọkùnrin náà gidigidi. Ó ní láti oṣù kẹsàn-án ni. Ó ní òun ti yà á, òun ti wẹ̀ ẹ́, òun ti sé e mọ́ inú ilé kí aráàlú má bàa rí i pé ológbò Dókítà Ẹran ń họra, àmọ́ tó bá ti bọ́ síta ní ọ̀sán péré, á tún kó kòkòrò bọ̀.

"N kò mọ ibi tó ti ń kó o," ni ó wí. "N kò mọ̀ rárá."

Odindi ọdún méjì ni Tinúọlá ti ń dúró de ọ̀rọ̀ yìí. Nígbà tó wá dé, kò dùn tó bó ṣe rò. Àánú ọkùnrin náà ló ṣe é. Ó ní, "Ẹ tú u sílẹ̀. Ẹ jẹ́ ká tẹ̀ lé e."

Òótọ́korò na ara, ó gun orí ọgbà, ó bọ́ sí àgbàlá Tinúọlá, ó sì gba ilé gàrí lọ tààrà bí ẹni tó ń lọ sílé ara rẹ̀. Àwọn àgbàlagbà méjèèjì ń yọ́ tẹ̀ lé e. Iná ààrò ti kú, eérú ṣì lọ́ wọ́ọ́rọ́, àpò ògbólógbòó kan sì wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Lórí àpò náà ni Kòmọ̀tán dùbúlẹ̀ sí. Ológbò gun orí ikùn rẹ̀, ó yí i ká lẹ́ẹ̀mejì, ó sì sùn. Nígbà tó yá, ajá họra. Ó parí, ó kan ológbò.

Ọdún méjì ni Tinúọlá àti ọkùnrin yìí fi ń gba ẹnu ẹran méjì yìí bú ara wọn, àwọn ẹran kò gbọ́ ọ̀kan níbẹ̀. Àbẹ̀kẹ́ wọlé bá wọn níbẹ̀, ó gbé apẹ̀rẹ̀ sọ́wọ́, ó sì sọ pé àwọn ẹran náà ti ń sùn pọ̀ láti kékeré.

"O mọ̀, o ò sì sọ fún mi?" ni Tinúọlá bi í.

"Mo rò pé ẹ mọ̀ ni," ni Àbẹ̀kẹ́ wí. "Ṣebí ilé tìrẹ ni."

Dókítà Ẹran rẹ́rìn-ín títí ó fi jókòó sórí èèpo ẹ̀gẹ́. Nígbà tó ríbi mí, ó ní ọ̀rọ̀ ti yé òun. Tí wọ́n bá tọ́jú ajá lónìí, kòkòrò ara ológbò á fò sí i lọ́la. Tí wọ́n bá tọ́jú méjèèjì tí wọn kò tọ́jú ibi tí wọ́n ń sùn, ẹyin kòkòrò tó wà nínú àpò àti nínú ilẹ̀ tó là á pa, wọ́n á tún bẹ̀rẹ̀. Ọjọ́ kan náà ni wọ́n gbọ́dọ̀ ṣe gbogbo rẹ̀.

Iṣẹ́ ọjọ́ yẹn, ẹ má bi mí. Wọ́n dáná sun àpò, wọ́n kó eérú, wọ́n da omi híhó sí gbogbo ojú ilẹ̀ tó là, wọ́n sá ẹní àti aṣọ sóòrùn ní ilé méjèèjì. Àbẹ̀kẹ́ gbé omi oògùn tí wọ́n fi ń fọ ilé ìgbẹ́ wá pé òun fẹ́ fi wẹ ológbò, wọ́n sì lé òun àti oògùn rẹ̀ jáde. Tinúọlá fi páúdà pa Kòmọ̀tán tán, ó fẹ́ bu ìyókù sí Òótọ́korò lára, Dókítà Ẹran sì di ọwọ́ rẹ̀ mú ṣinṣin. Ó ní ohun tó ń wo ajá sàn lè pa ológbò, torí kò sí ibi tí ológbò kì í lá lára rẹ̀. Òun mú oògùn tí wọ́n ṣe fún ológbò jáde, ó kọ́kọ́ wẹ̀ ẹ́, ológbò sì fi èékánná kọ̀wé sí i lọ́wọ́ méjèèjì títí dé èjìká. Ó kù díẹ̀ kí ọkùnrin náà sọ ọ̀rọ̀ tí kò yẹ onígbàgbọ́.

Ìrọ̀lẹ́ ń bọ̀ nígbà tí wọ́n jókòó láti ya irun wọn, Tinúọlá ń ya ajá, òun ń ya ológbò. Kòkòrò kọ̀ọ̀kan tí ìyarun bá mú, wọ́n ń tẹ̀ ẹ́ sínú omi ọṣẹ. Tinúọlá kò gbójú sókè nígbà tó sọ̀rọ̀.

"Bàbá Ìfẹ́olúwa, yanrìn wà nínú gàrí yẹn."

"Mo mọ̀," ni ó wí. Ó ya irun díẹ̀ sí i. "Kò yẹ kí n sọ ọ́ ní ṣọ́ọ̀ṣì."

Lẹ́yìn ọjọ́ mẹ́rìnlá, wọ́n tún gbogbo rẹ̀ ṣe nítorí ẹyin tó bá ṣẹ́ kù, wọ́n sì wá ń retí Kérésì. Ọjọ́ kẹrìnlélógún, nǹkan bí aago kan ọ̀sán, ọkọ̀ Ayọ̀kúnlé yà wọ àdúgbò. Joy kò sọ̀ kalẹ̀. Ó kí ìyá ọkọ rẹ̀ láti inú ọkọ̀ pẹ̀lú ìwọ̀n ìkúnlẹ̀ tí àga ọkọ̀ gbà á láyè láti ṣe, ó gbá Jùwọ́nlọ mọ́ra, ó sì ní kí Ayọ̀kúnlé kọ́kọ́ lọ wo ajá. Ayọ̀kúnlé kò tíì dọ̀bálẹ̀ fún ìyá rẹ̀ tán tó fi kúnlẹ̀ ti Kòmọ̀tán. Ó ń yẹ irun rẹ̀ sọ́tùn-ún sósì, ó wo etí, ó wo abíyá, ó wo ìdí ìrù tí irun tuntun ti ń hù sí. Ẹni kan ṣoṣo tó ń họra níbẹ̀ ni Ayọ̀kúnlé, ooru Èkó ti yọ kókó wẹ́wẹ́ sí i lọ́rùn.

Eṣinṣin kan bà sí etí ajá. Kòmọ̀tán gbé ẹsẹ̀ ẹ̀yìn sókè. Kò sí ẹni tó mí. Ẹsẹ̀ náà dúró lófuurufú díẹ̀, ajá yán, ó sì gbé e sílẹ̀ padà. Joy ṣílẹ̀kùn ọkọ̀, ó sọ̀ kalẹ̀, ó sì gbé ọmọ lé Tinúọlá lọ́wọ́. Tinúọlá sunkún, ó kọrin, ó sọ ọmọ náà ní orúkọ mẹ́rin mìíràn láàárín ìṣẹ́jú kan.

Ọjọ́ kejì Kérésì ni Ayọ̀kúnlé tó sọ ohun tó bá wá gan-an. Ìsinmi Joy ń parí lọ, ibi iṣẹ́ rẹ̀ ń retí rẹ̀ ní oṣù kìíní, ìyá tirẹ̀ sì ti padà sílé. Màmá ló kàn. Wọ́n fẹ́ kó bá wọn lọ sí Èkó lọ tọ́jú Jùwọ́nlọ, ó kéré tán títí di Àjíǹde. Tinúọlá béèrè Kòmọ̀tán. Ayọ̀kúnlé wolẹ̀. Ilé pẹ̀tẹ́ẹ̀sì ni wọ́n ń gbé, lánlọ́ọ̀dù kò gba adìyẹ, ká má tíì sọ ti ajá.

Tinúọlá wo ọmọ tó ń sùn lẹ́yìn rẹ̀, ó wo ajá tó dùbúlẹ̀ lẹ́nu ọ̀nà. Ọ̀sẹ̀ mẹ́fà ló fi jà kí wọ́n má bàa mú ajá kúrò lọ́dọ̀ òun. Kò sọ sí i lọ́kàn rí pé òun ni wọ́n máa wá mú kúrò lọ́dọ̀ ajá. Kò lè sọ pé òun kò lọ, ọmọ ọmọ ni. Àmọ́ ó dùn ún dé egungun.

Ó sọdá lọ bá Dókítà Ẹran, ó rò fún un. Ọkùnrin náà gbọ́ ọ dé òpin. Ó wá ní kí ni ajá ń jẹ láàárọ̀. Tinúọlá sọ fún un, ó sì dúpẹ́, ó wá ń lọ́ ẹ̀gbẹ́ ìró rẹ̀ láìnídìí.

"Ẹ lè yí orúkọ rẹ̀ padà," ni ó wí. "Kò yẹ kí irú àgbàlagbà yín máa fi ẹnu ara yín pè é bẹ́ẹ̀ ní gbangba. Ẹ máa pè é ní Bíńgò, á mọ́ ọn lára tó bá yá."

Dókítà Ẹran ń fi ọwọ́ ra Òótọ́korò lórí. Kò wo ojú Tinúọlá nígbà tó sọ̀rọ̀.

"Ìyá Ayọ̀, ọdún méjì lẹ ti ń sọ ọ́ fún mi láràárọ̀. Tí ẹ bá lọ, ta ni yóò máa sọ ọ́ fún mi?"

Tinúọlá gbé ológbò kúrò lórí bẹ́ǹṣì, ó jókòó síbẹ̀, ó sì bẹ̀rẹ̀ sí í ṣàlàyé fún un pé Kòmọ̀tán kì í jẹ ẹ̀kọ tó bá ti tutù.